Eré Ṣíṣe àti Òtítọ́ Sísọ: Ìtàn Ẹ̀bùn Oscar fún Fíìmù Ìṣẹ̀lẹ̀-Gidi

Ó ti di àṣà ní ẹ̀ka-ẹ̀kọ́ wa pé ẹni tí ó bá kàn láti bá gbogbo ènìyàn sọ̀rọ̀ yóò mú ọ̀rọ̀ rẹ̀ láti inú oko tí òun fúnra rẹ̀ ń ro. Lítíréṣọ̀ ni oko tèmi. Ó lè ya ẹlòmíràn lẹ́nu, nígbà náà, pé ẹ̀bùn tí wọ́n ń fún àwọn tí ó ń ya fíìmù ní Amẹ́ríkà ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí. Ìdí rẹ̀ ni pé ìbéèrè tí ó ti ń da àwọn tí ó ń pín ẹ̀bùn yìí láàmú láti bí ọgọ́rin ọdún sẹ́yìn kò yàtọ̀ sí èyí tí àwa olùkọ́ lítíréṣọ̀ ń bá yí lójoojúmọ́ nínú kíláàsì: ṣé ẹni tí ó fi eré ṣe àpèjúwe ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ti kúrò lórí òtítọ́ ni?

Ẹ jẹ́ kí n fi ọjọ́ méjì bẹ̀rẹ̀. Ní ọjọ́ 21 oṣù kẹta ọdún 1989, ọkùnrin kan tí ń jẹ́ Randall Dale Adams jáde kúrò lẹ́wọ̀n ní ìpínlẹ̀ Texas, lẹ́yìn ọdún 12. Wọ́n ti fi ẹ̀sùn kàn án pé ó pa ọlọ́pàá, wọ́n sì ti dájọ́ ikú fún un. Fíìmù kan tí Errol Morris ṣe, The Thin Blue Line, ni ó tú àṣírí ẹjọ́ náà débi pé ilé-ẹjọ́ kò lè fi orí rẹ̀ pamọ́ mọ́. Ọjọ́ 8 péré lẹ́yìn náà, ní ọjọ́ 29 oṣù kan náà, ẹgbẹ́ Academy ti Hollywood péjọ sí Los Angeles láti fún fíìmù ìṣẹ̀lẹ̀-gidi tí ó dára jù lọ nínú àwọn ti ọdún 1988 ní ẹ̀bùn Oscar. Fíìmù márùn-ún ni wọ́n ti dárúkọ fún ìdíje. Fíìmù tí ó yọ ènìyàn lẹ́wọ̀n kò sí nínú márààrún. Èyí tí ó pọ̀ jù nínú àwọn tí ó ti kọ̀wé lórí ọ̀rọ̀ náà gbà pé eré tí Morris fi sínú fíìmù rẹ̀ ni ó kọ àwọn onídàájọ́ lójú. Lójú tiwọn, ohun tí eré bá ti wọ̀ kì í ṣe òtítọ́ mọ́.

Kí n tó máa bọ̀, ó yẹ kí n ṣàlàyé orúkọ tí mo ń lò. Ohun tí mo pè ní fíìmù ìṣẹ̀lẹ̀-gidi ni fíìmù tí ẹni tí ó ṣe é fọwọ́ sọ̀yà fún wa pé ohun tí ó wà nínú rẹ̀ ṣẹlẹ̀ lóòótọ́, pé àwọn tí ń sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀ wà láyé, tàbí wọ́n ti wà láyé rí, pẹ̀lú orúkọ tí wọ́n ń jẹ́. Èyí tí ọkàn mi fà sí jù nínú irú fíìmù bẹ́ẹ̀ ni èyí tí a fi ìwádìí ṣe, tí olùyàwòrán di olùtọpinpin, tí ó lọ wú ohun tí ẹlòmíràn ti rì mọ́lẹ̀. Àwa Yorùbá náà kì í da irú ọ̀rọ̀ méjèèjì pọ̀. Apàlọ́ á kọ́kọ́ ké sí wa pé, “Àlọ́ o!”, àwa náà á dá a lóhùn pé, “Àlọ̀!”, láti ìgbà náà lọ bí ìjàpá bá ń sọ̀rọ̀ bí ènìyàn, kò sí ẹni tí yóò pe apàlọ́ ní òpùrọ́. Òpìtàn kò ní irú ìyọ̀ǹda bẹ́ẹ̀. Síbẹ̀, bí arọ́kin bá ń pìtàn ọba tí ó ti wàjà, orin ni ó ń kọ, ìlù ni ó ń lù sí i, kò sì sí ẹni tí ó lé e kúrò láàfin pé orin àti ìlù ti ba ìtàn jẹ́. Kókó ibẹ̀ ni pé ẹni tí ń gbọ́ mọ ohun tí ó ń gbọ́. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi èyí sọ́kàn.

Ẹgbẹ́ Academy fúnra rẹ̀ ni wọ́n dá sílẹ̀ ní ọdún 1927, wọ́n sì pín ẹ̀bùn wọn àkọ́kọ́ ní 1929. Fún ọdún 12, kò sí ààyè kan pàtó fún fíìmù ìṣẹ̀lẹ̀-gidi. Ogun ni ó la ọ̀nà fún un. Ní oṣù kejì ọdún 1942, wọ́n fún Churchill's Island ní ẹ̀bùn, fíìmù kúkúrú tí ilé-iṣẹ́ fíìmù ìjọba Kánádà ṣe nípa bí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ṣe ń gbèjà ara rẹ̀. Ní ọdún tí ó tẹ̀ lé e, fíìmù 25 ni wọ́n dárúkọ, mẹ́rin ni ó sì gba ẹ̀bùn lẹ́ẹ̀kan náà: méjì láti Amẹ́ríkà, ọ̀kan láti Australia, ọ̀kan láti Rọ́ṣíà. Gbogbo wọn ni ó jẹ́ ti ogun. Frank Capra ni ó ṣe ọ̀kan nínú ti Amẹ́ríkà, Prelude to War, fún ẹgbẹ́ ọmọ-ogun, ó sì gé ọ̀pọ̀lọpọ̀ àwòrán inú rẹ̀ láti inú fíìmù tí àwọn ọ̀tá ti ṣe láti fi yin ara wọn. Ìyìn tí wọ́n ṣe fún ara wọn ni Capra sọ di ẹ̀sùn sí wọn lọ́rùn. Mo kàn fẹ́ kí a rí i pé láti ìbẹ̀rẹ̀ pàá ni ọgbọ́n ọwọ́ ti wà nínú iṣẹ́ yìí, àti pé nígbà tí ọgbọ́n náà ń ṣiṣẹ́ fún ìjọba, kò sí onídàájọ́ tí ó bi ẹnikẹ́ni léèrè bóyá òtítọ́ ni tàbí eré.

Ọ̀rọ̀ náà yí padà nígbà tí àwọn olùyàwòrán bẹ̀rẹ̀ sí í yí kámẹ́rà wọn sí ìjọba. Ìlú Òyìnbó ni àpẹẹrẹ tí ó le jù ti wá. Ní ọdún 1965, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ń jẹ́ Peter Watkins ṣe fíìmù kan fún BBC tí ó pè ní The War Game. Kò gùn tó wákàtí kan. Ohun tí ó béèrè nínú rẹ̀ ni pé: bí bọ́ǹbù átọ́míìkì bá balẹ̀ sí àgbègbè Kent, kí ni yóò ṣẹlẹ̀ sí àwọn ènìyàn ibẹ̀, kí sì ni ètò tí ìjọba ti ṣe láti gbà wọ́n là? Watkins lọ ka ohun tí ojú àwọn ará Dresden, Hamburg, Hiroshima àti Nagasaki rí. Ó wádìí ètò ìdáàbòbò tí ìjọba ń fi yangàn, ó sì rí i pé ètò náà kò lè gba ẹnikẹ́ni. Lẹ́yìn náà ó kó àwọn ará Kent jọ, àwọn tí kì í ṣe òṣèré, ó sì ní kí wọ́n ṣe é bí ẹni pé bọ́ǹbù ti bọ́. Ó gbé kámẹ́rà léjìká, ó ń gbọ̀n ọ́n bí ti oníròyìn tí ń sáré, ó sì fi ohùn jẹ́jẹ́ bí ti olóòtú ìròyìn sọ ohun ẹ̀rù.

Ẹ wo ohun tí ó ṣẹlẹ̀. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún náà, àwọn aláṣẹ BBC pe àwọn òṣìṣẹ́ àgbà ìjọba wá wo fíìmù náà kí ará ìlú kankan tó rí i. Ní oṣù kọkànlá, wọ́n kéde pé àwọn kò ní gbé e jáde lórí ẹ̀rọ amóhùnmáwòrán, wọ́n ní ẹ̀rù inú rẹ̀ ti pọ̀ jù. Watkins fi ilé-iṣẹ́ náà sílẹ̀. Wọ́n gbà kí wọ́n fi hàn ní ilé sinimá díẹ̀, èyí ni ó sì mú un dé Hollywood. Ní oṣù kẹrin ọdún 1967, ó gba Oscar gẹ́gẹ́ bí fíìmù ìṣẹ̀lẹ̀-gidi tí ó dára jù lọ. Bẹ́ẹ̀ ni, fíìmù tí ó sọ nípa ìṣẹ̀lẹ̀ tí kò tíì ṣẹlẹ̀ rí! Àwọn onídàájọ́ ọdún yẹn kò jẹ́ kí eré inú rẹ̀ dí wọn lójú. Ohun tí wọ́n rí ni pé ìwádìí ibẹ̀ jẹ́ òtítọ́, pé eré ibẹ̀ kò tan ẹnikẹ́ni jẹ, nítorí gbogbo ènìyàn ni ó mọ̀ pé Kent ṣì wà níbi tí ó wà. Mo ka ìdájọ́ yìí sí ọ̀kan nínú èyí tí ó mọ́gbọ́n dání jù lọ nínú gbogbo ìtàn ẹ̀bùn náà. Ṣùgbọ́n ẹ̀bùn kò ṣílẹ̀kùn ilé: ọjọ́ 31 oṣù keje ọdún 1985 ni BBC tó gbé The War Game jáde lórí ẹ̀rọ amóhùnmáwòrán fún àwọn tí wọ́n ṣe é fún, ogún ọdún gééré lẹ́yìn tí wọ́n ti kà á léèwọ̀.

Ohun kan ṣẹlẹ̀ ní 1969 tí a lè fi rẹ́rìn-ín díẹ̀. Wọ́n fún Young Americans, fíìmù nípa ẹgbẹ́ akọrin àwọn ọ̀dọ́, ní Oscar ní oṣù kẹrin. Ní oṣù karùn-ún wọ́n gbà á padà, wọ́n sì gbé e fún Journey into Self. Ẹ̀ṣẹ̀ wo ni ó ṣẹ̀? Irọ́ kankan kò sí nínú rẹ̀. Wọ́n rí i pé ilé sinimá kan ti fi hàn ní 1967, ó sì ti pẹ́ jù fún ìdíje ọdún náà. Ẹgbẹ́ tí kò tíì fẹnu kò lórí ohun tí òtítọ́ jẹ́ mọ ohun tí kàlẹ́ńdà jẹ́ dájúdájú.

Ogun Vietnam ni ó tún gbé ọ̀rọ̀ náà dé gbàgede. Ẹni tí ó yẹ kí a mẹ́nu kàn níhìn-ín ni Peter Davis. Ní ọjọ́ 23 oṣù kejì ọdún 1971, ilé-iṣẹ́ CBS gbé fíìmù kan tí ó kọ jáde, The Selling of the Pentagon, tí ó wádìí bí ilé-iṣẹ́ ogun Amẹ́ríkà ṣe ń ná owó ìlú láti fi polówó ogun fún ará ìlú. Kò sí òṣèré kan nínú rẹ̀. Síbẹ̀ irọ́ ni àwọn aláṣẹ pè é. Wọ́n ní Davis gé ìdáhùn àwọn ọ̀gá ológun, ó sì lẹ̀ ẹ́ mọ́ ìbéèrè tí kì í ṣe tirẹ̀. Ìgbìmọ̀ kan ní ilé aṣòfin pàṣẹ fún Frank Stanton, ọ̀gá CBS, pé kí ó kó gbogbo àwòrán tí wọn kò lò wá. Ó kọ̀. Nígbà tí wọ́n dìbò lórí bóyá kí wọ́n bá a ṣẹjọ́, 226 ni ó ní kí wọ́n dá ọ̀rọ̀ náà padà sí ìgbìmọ̀, 181 ni ó lòdì sí i, ibẹ̀ ni ó sì kú sí. Fíìmù náà gba ẹ̀bùn Peabody àti ẹ̀bùn Emmy. Ní tèmi, ẹ̀sùn gígé-àti-lílẹ̀ yẹn kì í ṣe ohun tí a ń fi ọwọ́ gbá dànù. Fíìmù tí kò ní eré rárá lè pa irọ́ pẹ̀lú sísọ́ọ̀sì lásán. Ẹni tí ó bá rò pé bí a bá ti lé òṣèré jáde a ti lé irọ́ jáde, onítọ̀hún kò tíì wo bí wọ́n ṣe ń to fíìmù.

Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn náà, Davis kan náà gba Oscar fún Hearts and Minds. Ọjọ́ 8 oṣù kẹrin ọdún 1975 ni, ogun Vietnam kò tíì parí. Ọjọ́ 30 oṣù yẹn ni Saigon ṣubú. Bert Schneider, ọ̀kan nínú àwọn tí ó ná owó sí fíìmù náà, dúró lórí ìtàgé ó sì ka wáyà ìkíni kan láti ọwọ́ àwọn ará Vietnam tí Amẹ́ríkà ń bá jà. Kí alẹ́ náà tó tán, Frank Sinatra jáde wá ka ìwé kan pé ẹgbẹ́ Academy kò lọ́wọ́ nínú ọ̀rọ̀ ìṣèlú tí wọ́n sọ níbẹ̀. Ẹ̀rù bá àwọn tí ó fún un ní ẹ̀bùn kí ilẹ̀ tó mọ́.

Nísinsìnyí mo lè padà sí Texas, nítorí ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ mi wà ní ti gidi.

Ní ọjọ́ Sátidé 27 oṣù kọkànlá ọdún 1976, epo tán nínú ọkọ̀ Randall Adams ní ìlú Dallas. Ará Ohio ni, kò tíì pẹ́ ní ìlú náà. Ọmọdékùnrin ọdún 16 kan, David Harris, gbé e. Ọkọ̀ tí Harris ń wà, ọkọ̀ tí ó jí ní ìlú rẹ̀, Vidor, ni. Ìbọn kan tún wà lọ́wọ́ rẹ̀, ti bàbá rẹ̀ ni ó jí. Àwọn méjèèjì jọ ṣe fàájì, wọ́n mu ọtí, wọ́n lọ wo sinimá ní alẹ́. Adams ní ibẹ̀ ni àwọn ti padà, ó ní òun sùn. Lẹ́yìn ọ̀gànjọ́ òru, ọlọ́pàá kan, Robert Wood, dá ọkọ̀ kan dúró nítorí pé kò tan iná iwájú. Awakọ̀ yìnbọn pa á. Ọlọ́pàábìnrin tí wọ́n jọ wà lẹ́nu iṣẹ́ kò lè sọ irú ọkọ̀ tí ó jẹ́. Èyí tí ó sọ kì í ṣe òun. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó oṣù kan kí ọwọ́ tó tẹ ẹnikẹ́ni, ẹnu ni ó sì kó Harris: ó ń fọ́nnu fún àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní Vidor pé òun ti pa ọlọ́pàá. Nígbà tí wọ́n mú un, ó ní Adams ni. Òfin Texas kò gbà kí wọ́n pa ọmọ ọdún 16. Adams ti pé 28 nígbà tí wọ́n gbé e lọ sílé ẹjọ́ ní 1977. Ọlọ́pàá kú, ó sì yẹ kí ẹnìkan kú sí i. Èyí tí òfin lè pa ni wọ́n gbá mú.

Wọ́n dájọ́ ikú fún un. Ọjọ́ 8 oṣù karùn-ún ọdún 1979 ni wọ́n dá pé wọn yóò pa á. Ọjọ́ mẹ́ta ni ó kù tí adájọ́ kan ní ilé-ẹjọ́ gíga jù lọ ní Amẹ́ríkà dá ọwọ́ wọn dúró. Ní 1980, ilé-ẹjọ́ náà sọ pé ọ̀nà tí wọ́n gbà yan àwọn ará ìlú tí ó gbọ́ ẹjọ́ náà kò tọ́. Gómìnà Texas sì tètè sọ ìdájọ́ ikú náà di ẹ̀wọ̀n gbére, èyí kò sì jẹ́ kí wọ́n tún ẹjọ́ náà gbọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀. Àánú tí ó di ilẹ̀kùn nìyẹn.

Errol Morris kò tilẹ̀ wá nítorí Adams. Dókítà kan ni ó ń tọpa, James Grigson, oníṣègùn ọpọlọ tí àwọn agbẹjọ́rò ìjọba máa ń pè wá sí ilé ẹjọ́ láti wá búra pé ọ̀daràn tí ó wà níwájú wọn yóò tún pànìyàn bí wọ́n bá fi í sílẹ̀. Ní 1985, Morris lọ ń bá àwọn tí Grigson ti jẹ́rìí lòdì sí sọ̀rọ̀ nínú ẹ̀wọ̀n, ibẹ̀ ni ó ti bá Adams pàdé. Morris ti ṣiṣẹ́ olùtọpinpin rí. Ó ka ìwé ẹjọ́ náà, ó sì rí i pé àwọn ẹlẹ́rìí ń sọ ohun tí ẹnu kò lè gbà jẹ. Ó wá wọn kiri lọ́kọ̀ọ̀kan, ó gbé kámẹ́rà síwájú wọn, ó sì jẹ́ kí wọ́n máa sọ̀rọ̀ lọ. Obìnrin kan tí ó ti jẹ́rìí pé òun rí Adams nínú ọkọ̀ náà fi ẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́ pé nígbà tí wọ́n to àwọn ọkùnrin síwájú òun, ẹlòmíràn ni òun kọ́kọ́ nà ìka sí, wọ́n sì sọ fún òun ẹni tí ó yẹ kí òun mú.

Eré tí ó kọ àwọn onídàájọ́ lójú wá ńkọ́? Ní àárín ọ̀rọ̀ àwọn ẹlẹ́rìí wọ̀nyí ni Morris ti ń fi òṣèré ṣe àpèjúwe òru ọjọ́ náà: ọkọ̀ dúró, ọlọ́pàá sọ̀kalẹ̀, ìbọn dún. Kò ṣe é lẹ́ẹ̀kan. Ó ṣe é léraléra, kò sì sí èyí tí ó bá èkejì mu. Bí ẹlẹ́rìí kan bá ní ọlọ́pàábìnrin náà wà níta lẹ́yìn ọkọ̀, a ó rí i níta. Bí ẹlòmíràn bá ní inú ọkọ̀ ni ó jókòó sí tí ó ń mu wàrà dídì, a ó rí i nínú ọkọ̀, a ó sì rí ife wàrà náà tí ó fò sókè tí ó ń dà sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀, pẹ̀lú orin Philip Glass tí ń yí po bí ìrònú ẹni tí kò rí oorun sùn. Kò sí ibì kankan tí Morris ti sọ fún wa pé, “Bí ó ṣe ṣẹlẹ̀ nìyí.” Ohun tí ó ń fi hàn wá ni ọ̀rọ̀ ẹnu ẹlẹ́rìí nígbà tí a bá gbé e kalẹ̀ fún ojú láti yẹ̀ wò. Bí irọ́ bá wà létí, ó lè dùn. Gbé e dé ojú, yóò tú. Eré yìí kò rọ́pò òtítọ́. Ó yẹ irọ́ wò bí adájọ́ ìbá ti yẹ̀ ẹ́ wò. Bí akẹ́kọ̀ọ́ ọdún kejì bá kọ ọ́ fún mi pé àwọn àwòrán wọ̀nyí jẹ́ èrò Morris nípa ohun tí ó ṣẹlẹ̀, n kò ní fún un ní máàkì.

Ohun kan tún wà tí mo fẹ́ kí ẹ gbọ́. Ọ̀rọ̀ tí ó ṣe pàtàkì jù nínú gbogbo fíìmù náà kò ní àwòrán. Ní oṣù kejìlá ọdún 1986, Morris lọ bá Harris lẹ́wọ̀n fún ìgbà ìkẹyìn, kámẹ́rà sì bàjẹ́. Ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ kékeré kan ni ó fi gba ọ̀rọ̀ rẹ̀. Nínú fíìmù, ẹ̀rọ náà nìkan ni a rí tí ó ń yí, tí ohùn Harris sì ń ti inú rẹ̀ sọ pé Adams kò mọwọ́ kò mẹsẹ̀, àti pé òun ni ẹni tí ó mọ̀. Àwa tí a ti ń kọ́ lítíréṣọ̀ alohùn láti ọjọ́ pípẹ́ mọ ohun tí ohùn lásán lè ṣe.

Fíìmù náà jáde ní 1988. Àwọn alárìíwísí fíìmù ní New York pè é ní èyí tí ó dára jù lọ nínú irú rẹ̀ ní ọdún náà. Ní oṣù kejìlá, Harris dúró níwájú adájọ́ ó sì jẹ́wọ́ pé Adams kò sí nínú ọkọ̀ náà. Ní ọjọ́ 1 oṣù kẹta ọdún 1989, ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn Texas fagi lé ìdálẹ́bi náà. Ìyókù ẹ ti gbọ́. Kì í ṣe pé gbogbo rẹ̀ parí sí ayọ̀. Adams àti Morris dé ilé ẹjọ́ lórí ẹni tí ó ni ìtàn ìgbésí ayé Adams kí wọ́n tó parí ìjà. Ìjọba Texas kò fún Adams ní kọ́bọ̀ fún ọdún 12 tí wọ́n gbà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó kú ní 2010. Wọ́n pa Harris ní 2004 fún ìpànìyàn mìíràn tí ó ṣe ní 1985, nígbà tí Adams ṣì wà lẹ́wọ̀n nípò rẹ̀. Bí wọ́n bá ti mú ẹni tí ó tọ́ ní 1976, ó ṣeé ṣe kí ẹni tí ó kú ní 1985 ṣì wà láàyè. Mo fẹ́ kí àwọn tí ó ń sọ pé ọ̀rọ̀ eré àti òtítọ́ jẹ́ ọ̀rọ̀ àwọn onímọ̀ lásán ro èyí wò.

Èmi kò sọ pé fíìmù tí ó gba ẹ̀bùn ọdún náà kò yẹ. Hotel Terminus ni, tí Marcel Ophuls fi tọpa Klaus Barbie, ọ̀gá Gestapo ní Lyon. Iṣẹ́ ńlá ni, ìwádìí ńlá sì ni. Nínú àwọn mẹ́rin yòókù, ọ̀kan wà lórí Beyers Naudé, àlùfáà Aláwọ̀ funfun tí ó kẹ̀yìn sí ìjọba ẹlẹ́yàmẹ̀yà ní Gúúsù Áfíríkà. Ohun tí mo ń sọ ni pé àwọn tí ó yan márùn-ún yìí kò mọ bí a ṣe ń ka iṣẹ́ ọnà.

Ta tilẹ̀ ni wọ́n? Nígbà náà, ìgbìmọ̀ kékeré ti àwọn ọmọ ẹgbẹ́ tí ó yọ̀ǹda ara wọn ni ó ń wo àwọn fíìmù náà, ọ̀pọ̀ nínú wọn kò sì ṣe irú fíìmù bẹ́ẹ̀ rí. Aráyé kò mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é títí di 1995, nígbà tí Hoop Dreams, fíìmù Steve James nípa àwọn ọmọkùnrin aláwọ̀ dúdú méjì ní Chicago tí wọ́n ń lépa bọ́ọ̀lù aláfọwọ́gbá, kò sí nínú àwọn tí wọ́n dárúkọ, tí gbogbo àwọn oníròyìn sì fárígá. Ìgbà náà ni Roger Ebert, alárìíwísí fíìmù, tú u síta pé iná tọ́ọ̀ṣì ni ìgbìmọ̀ náà fi ń dìbò. Ẹni tí fíìmù bá sú yóò tan tọ́ọ̀ṣì tirẹ̀ sí ara ògiri. Bí iná bá pọ̀ tó, wọn yóò pa fíìmù náà. Fíìmù tí ó gùn tó 170 ìṣẹ́jú, tí wọ́n fi bí ọdún márùn-ún yà, kò ju bí ìdámẹ́rin wákàtí lọ tí iná fi tàn. Ẹjọ́ tí a kò gbọ́ tán tí a dá ni. Ẹ̀yin náà mọ ohun tí àwọn àgbà wa ń pe ẹni tí ó bá dá irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀.

Ariwo yìí ni ó mú àtúnṣe wá. Wọ́n yí òfin ìdìbò padà; ní 2001 wọ́n dá ẹ̀ka kan sílẹ̀ nínú ẹgbẹ́ Academy fún àwọn tí ó ń ṣe fíìmù ìṣẹ̀lẹ̀-gidi gan-an. Ní ọdún kan náà, ilé-ìkàwé ìjọba Amẹ́ríkà, Library of Congress, fi The Thin Blue Line kún àwọn fíìmù tí orílẹ̀-èdè náà gbọ́dọ̀ tọ́jú pa mọ́. Morris fúnra rẹ̀ gba Oscar ní 2004 fún The Fog of War, nínú èyí tí Robert McNamara, mínísítà ogun nígbà Vietnam, ti jókòó tí ó ń sọ ti ẹnu rẹ̀. Láti ìgbà náà eré-àpèjúwe ti di ohun tí gbogbo wọn ń lò, àwọn mìíràn a sì máa lò ó ní ìlòkulò: wọn á da òkùnkùn bo ojú òṣèré, wọn á fi orin ẹ̀rù sí i, wọn á sì jẹ́ kí olùwòran gbà pé bí ó ṣe rí gan-an nìyẹn. Irú èyí ni ó yẹ kí àwọn onídàájọ́ 1989 bẹ̀rù, kì í ṣe ti Morris.

Àtúnṣe náà kò sì tún ohun gbogbo ṣe. Ní oṣù kejì ọdún 2008, Alex Gibney gba Oscar fún Taxi to the Dark Side, ìwádìí rẹ̀ lórí Dilawar, ọmọ Afghanistan, awakọ̀ takisí ẹni ọdún 22 tí àwọn ọmọ-ogun Amẹ́ríkà lù pa nínú àtìmọ́lé ní Bagram ní 2002. Ilé-iṣẹ́ Discovery tí ó ti ra ẹ̀tọ́ àtigbé e jáde sọ pé àwọn kò gbé e jáde mọ́. HBO ni ó gbà á. Ọ̀rọ̀ àwọn àgbà pé òtítọ́ dọ́jà ó kùtà kò yọ ẹni tí ó gba ẹ̀bùn sílẹ̀.

Mo mọ̀ pé àwọn kan ti ń bi ara wọn pé kí ni èyí kàn wá. Ní oṣù kẹwàá ọdún 2019, ètò Africa Eye ti BBC gbé fíìmù kan jáde tí wọ́n pè ní Sex for Grades, tí akọ̀ròyìn ọmọ Nàìjíríà, Kiki Mordi, ṣe atọ́kùn rẹ̀. Ó tú àṣírí àwọn olùkọ́ yunifásítì ní Èkó àti ní Ghana tí ń fi máàkì àti ààyè ìgbaniwọlé dọdẹ àwọn ọmọbìnrin. N kò ní dárúkọ ẹnikẹ́ni. Gbogbo wa tí a wọ gáùn síhìn-ín mọ bí ọ̀rọ̀ náà ṣe dún létí wa. Ṣùgbọ́n ẹ wo bí wọ́n ṣe rí òtítọ́ náà. Akọ̀ròyìn obìnrin kan ṣe bí ọmọ ọdún 17 tí ń wá ààyè wọ yunifásítì. Ó wọ aṣọ ọmọdé, ó sọ̀rọ̀ bí ọmọdé, kámẹ́rà sì wà níbi tí ojú kò tó o. Eré ni ó ṣe. Bí kò bá ṣeré, ẹnu kò ní tú. Wọ́n dárúkọ fíìmù náà fún ẹ̀bùn Emmy ti gbogbo àgbáyé ní 2020, ní oṣù keje ọdún náà sì ni Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Àgbà wa fọwọ́ sí àbádòfin lórí ìfìyàjẹni bẹ́ẹ̀ ní ilé-ẹ̀kọ́ gíga. Àwọn kan nínú ẹlẹgbẹ́ wa fi ẹ̀tàn ni wọ́n pè é nígbà náà. Mo dá wọn lóhùn bí mo ṣe ń dá àwọn onídàájọ́ 1989 lóhùn: ta ni eré náà tàn jẹ, olùwòran ni tàbí ẹlẹ́ṣẹ̀?

Láti ọdún 2005 ni a ti ní ẹ̀bùn kan tí ń jẹ́ orúkọ Wọlé Ṣóyínká fún ìròyìn tí a fi ìwádìí ṣe, àwọn oníṣẹ́ amóhùnmáwòrán sì wà lára àwọn tí ń gbà á. Bí ó bá wá di ọjọ́ kan tí àwọn yunifásítì wa fẹ́ dá ẹ̀bùn tiwọn sílẹ̀ fún fíìmù irú èyí, ohun méjì ni èmi yóò bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n kọ sínú òfin rẹ̀. Èkíní, kí ẹni tí ó bá mú fíìmù wá kọ ọ́ sílẹ̀ lórí ìwé, ìran dé ìran, ibi tí ó ti lo òṣèré, ibi tí ó ti fi orúkọ pa mọ́, ibi tí ó ti gé ọ̀rọ̀, àti ẹ̀rí tí ó gbé ìran kọ̀ọ̀kan dúró. Èkejì, kí ìgbìmọ̀ náà jókòó wo fíìmù kọ̀ọ̀kan tán láìtan tọ́ọ̀ṣì.